Àyè Kan Nínú Ọkọ̀ Oṣù Kẹjọ

Ohun kan ṣoṣo ni Lindsay Trewin fi ń kọ́ gbogbo ẹni tó bá ṣẹ̀ṣẹ̀ gba iṣẹ́ sí ọ́fíìsì rẹ̀ ní Canberra, olú ìlú Ọsirélíà. Yóò bọ́ awò ojú rẹ̀, yóò fi etí táì nù ún, yóò wá ní, "Ohun tí kò bá sí nínú fáìlì, kò ṣẹlẹ̀." Àwọn ọmọ iṣẹ́ á rẹ́rìn-ín nítorí pé ọ̀gá ló sọ ọ́. Wọn kò mọ̀ pé kì í ṣe ẹ̀fẹ̀. Ọ̀rọ̀ yẹn ló gbé ọkùnrin náà dórí àga tó jókòó sí, òun náà ni kò sì jẹ́ kó lè wo ojú ara rẹ̀ nínú dígí nígbà tó darúgbó.

Àga náà kì í ṣe kékeré. Òun ni olórí ilé iṣẹ́ tó ń rí sí àwọn erékùṣù òkèèrè, àwọn ilẹ̀ kéékèèké tó wà káàkiri agbami, tí àsíá Ọsirélíà ń fẹ́ lórí wọn. Dókítà wo ni yóò lọ síbẹ̀, ilé wo ni wọn yóò kọ́, ọjọ́ wo ni ọkọ̀ ẹrù yóò gbéra, ọwọ́ rẹ̀ ni gbogbo rẹ̀ wà. Kì í pẹ́ dé ibi iṣẹ́. Kí obìnrin tó ń ti kẹ̀kẹ́ tíì kiri ọ̀dẹ̀dẹ̀ tó dé ẹnu ọ̀nà rẹ̀ ní aago mẹ́wàá, yóò ti bu ọwọ́ lu ọgọ́ta fáìlì. Ó máa ń fi ìyẹn yangàn. Bí wọ́n bá bi í pé báwo ló ṣe ń kà wọ́n tán, yóò ní ojú ìwé àkọ́kọ́ ni iṣẹ́ ọ̀gá, àwọn tó kù, iṣẹ́ àwọn tó ń kọ ojú ìwé àkọ́kọ́ ni.

Ẹni tó ń darí àwọn erékùṣù yìí, ó ti lé lọ́dún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún tó ti fẹsẹ̀ tẹ ọ̀kankan nínú wọn gbẹ̀yìn. Bẹ́ẹ̀, erékùṣù ló sọ ọ́ di èèyàn.

Ọdún 1951 ni wọ́n rán an lọ sí Sendari, kó lọ ṣe ajẹ́lẹ̀ níbẹ̀. Ọmọ ọdún márùndínlógójì ni, ó ti ja ogun bọ̀, ó sì ti fi ìyàwó rẹ̀ Nola àti àwọn ọmọ sílẹ̀ ní Adelaide. Irinwó èèyàn ló wà ní Sendari, àtọmọdọ́mọ àwọn ará Malay tí olóko àgbọn kan kó débẹ̀ ní ayé àtijọ́. Mùsùlùmí ni gbogbo wọn. Wọ́n ń kan ọkọ̀ ojú omi, wọ́n ń pẹja, wọ́n ń fi háráfì Lárúbáwá kọ èdè wọn. Wọn kì í sin òkú sí ibi tí wọ́n ń gbé. Erékùṣù kékeré kan wà ní òdì kejì ọ̀sà tí wọ́n ń pè ní Ujung. Bí ẹnì kan bá kú, wọn yóò tẹ́ ẹ sínú ọkọ̀ funfun kan tí wọn kì í fi ṣe ohun mìíràn, wọn yóò sì wà á lọ síbẹ̀ láàárọ̀, kí òkun tó ru.

Senawi ni awakọ̀ náà. Nek Senawi ni wọ́n ń pè é, bí ẹni ń sọ pé Bàbá Àgbà. Ó tó ẹni ọdún márùndínlọ́gọ́ta nígbà yẹn, ó ṣígbọnlẹ̀, kì í sì í sọ̀rọ̀ púpọ̀.

Oṣù kẹta tí Trewin dé, ó bọ́ sínú ọ̀sà láìwọ bàtà, bí òyìnbó tí kò gbọ́ràn. Ẹja kan wà níbẹ̀ tó máa ń lúgọ sínú iyanrìn bí òkúta. Ó gún un ní àtẹ́lẹsẹ̀. Ìrora náà mú un débi pé ó ń bẹ àwọn èèyàn pé kí wọ́n gé ẹsẹ̀ náà dànù. Nek Senawi ló gbé e pọ̀n sẹ́yìn láti inú ọ̀sà, ó rìn nínú omi tó mù ún dé ìbàdí, ó gbé e dé ilé ara rẹ̀. Odindi ọjọ́ méjì ló fi ń ti ẹsẹ̀ náà bọ omi gbígbóná. Ọmọbìnrin rẹ̀, Rubiah, ló ń gbé omi náà wá láti ìdí iná. Ìyàwó rẹ̀ ń fi ṣíbí bu ẹ̀kọ ìrẹsì tí wọ́n fi ẹja sè sí ọkùnrin náà lẹ́nu.

"Bàbá, mo fẹ́ kú," ni Trewin ń wí.

"O ò ní kú," ni Nek Senawi dá a lóhùn. "Èmi ni mo máa ń wa òkú lọ sí Ujung, mo mọ ojú ẹni tó máa kú. Tìẹ ò jọ ọ́. Jẹ ẹ̀kọ ẹ."

Láti ìgbà náà ni Trewin ti ń lọ sílé wọn ní ìrọ̀lẹ́. Bàbá náà ló kọ́ ọ ní háráfì wọn, títí ó fi lè ka ìwé tí wọ́n bá kọ, tó sì lè kọ orúkọ ara rẹ̀. Nígbà tí ìyàwó Nek Senawi kú, Trewin wà nínú ọkọ̀ funfun náà, òun náà mú àjẹ̀ lọ́wọ́. Ó rí bí bàbá náà ṣe to òkúta iyùn yí sàréè ká, tó sì fi ẹsẹ̀ wọn àyè sí ẹ̀gbẹ́ ibẹ̀.

"Tèmi nìyí," ló wí. "Bí mo bá ti débẹ̀, ó parí."

Ní 1959 ni ìjọba ní àwọn fẹ́ fi Sendari ṣe pápákọ̀ bàlúù. Ilẹ̀ náà kò fẹ̀, bí bàlúù yóò bá balẹ̀ síbẹ̀, èèyàn gbọ́dọ̀ kúrò. Wọ́n ní kí Trewin lọ sọ fún wọn. Wọ́n ní kí ó sọ ọ́ kí wọ́n gbà, nítorí wọn kò fẹ́ kí àwọn oníwèé ìròyìn máa ya fọ́tò àwọn arúgbó tí ọlọ́pàá ń fà wọnú ọkọ̀.

Ó pè wọ́n jọ sí ojúde mọ́ṣáláṣí. Ó sọ̀rọ̀ ilé tuntun ní ìlú Korrabin ní ìwọ̀ oòrùn Ọsirélíà, ó sọ̀rọ̀ iṣẹ́, ó sọ̀rọ̀ ilé ìwé. Nek Senawi dìde.

"Ọmọ mi, ó dáa. Tí a bá kúrò níbí, ta ló máa wa àwa àgbà lọ sí Ujung?"

Trewin wo ojú wọn. Ẹnikẹ́ni kò fún un láṣẹ láti ṣèlérí kankan. Ó wo bàbá tó gbé e pọ̀n, ó ní:

"Ẹ gbọ́. Ẹnikẹ́ni tí wọ́n bí sí Sendari, tó bá ti darúgbó, tó sì rí i pé ọjọ́ òun ti kù sí dẹ̀dẹ̀, kó ránṣẹ́ sí mi. Ọkọ̀ ìjọba á máa wá síbí lẹ́ẹ̀mejì lọ́dún. Á gbé e wálé, kó wá kú sílé. Mo fi orúkọ ìyá mi búra."

Ìlérí náà ló mú wọn gbà. Ìmáàmù ṣí ìwé ńlá mọ́ṣáláṣí, ó kọ gbogbo rẹ̀ sílẹ̀ bó ṣe jáde lẹ́nu rẹ̀, Trewin sì gba gègé, ó fi háráfì wọn kọ orúkọ rẹ̀ sísàlẹ̀. Inú rẹ̀ dùn pé kò ṣe àṣìṣe. Lọ́sẹ̀ kejì, irinwó èèyàn wọkọ̀. Lóṣù kejì, katakata wó mọ́ṣáláṣí náà.

Ẹyin lohùn, àwọn àgbà wa ti wí i tipẹ́. Ẹyin ti Trewin kò tilẹ̀ jábọ́ o, ọwọ́ ara rẹ̀ ló fi là á mọ́lẹ̀.

Nígbà tó padà dé Canberra, ó kọ ìròyìn rẹ̀, ó sì fi ìlérí náà sí ìpínrọ̀ kẹsàn-án. Ọ̀gbẹ́ni Haldane ni ọ̀gá nígbà yẹn, ọkùnrin tẹ́ẹ́rẹ́ kan tó máa ń mu páìpù. Ó pè é wọlé.

"Lindsay, kí lèyí ní ìpínrọ̀ kẹsàn-án?"

"Ìlérí tí mo ṣe fún wọn ni, ọ̀gá."

"Ta ló ní kó o ṣèlérí?"

"Wọn ì bá má wọkọ̀."

"Wọ́n ti wọ̀ ọ́ báyìí, àbí wọn ò tíì wọ̀ ọ́?"

"Wọ́n ti wọ̀ ọ́, ọ̀gá."

"Kí wá ni ìlérí ń wá nínú ìwé mi?" Haldane ti gègé pupa sí i lórí tábìlì. "Mínísítà á ka ìròyìn yìí lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀. Ó ń wá ẹni tó máa fi ṣe igbákejì mi. Ohun tí kò bá sí nínú fáìlì, Lindsay, kò ṣẹlẹ̀."

Ẹ rí i pé ọ̀rọ̀ náà kì í ṣe tirẹ̀ pàápàá. Ó jogún rẹ̀ ni. Ó mú gègé pupa náà, ó fa ìlà lórí ìpínrọ̀ kẹsàn-án, ó sì gbé ìwé náà lọ fún obìnrin tó ń tẹ̀wé. Ohun tó wá rọ́pò rẹ̀ ni pé àwọn ará Sendari kúrò tinútinú, wọn kò sì béèrè ohunkóhun. Ó di igbákejì. Nígbà tí Haldane fẹ̀yìn tì, ó di ọ̀gá pátápátá. Ó ra ilé tó ní ọgbà òdòdó. Sendari di orúkọ kan láàárín àwọn orúkọ tó wà lẹ́yìn fáìlì.

Ẹni tó yàgbẹ́ ló ń gbàgbé, ẹni tó kó o kì í gbàgbé.

Oṣù kẹrin ọdún 1975 ni fáìlì náà dé orí tábìlì rẹ̀. Akọ̀wé kékeré kan ti kọ ojú ìwé àkọ́kọ́ bí wọ́n ṣe ń kọ ọ́: *Senawi, nǹkan bí ọmọ ọdún mọ́kàndínlọ́gọ́rin, ará Sendari tẹ́lẹ̀, ń béèrè àyè kan nínú ọkọ̀ oṣù kẹjọ tó ń lọ síbẹ̀. Ó ní wọ́n ṣèlérí fún òun ní 1959. Lẹ́tà wà lẹ́yìn. Ojú ìwé méjì wà lẹ́yìn lẹ́tà, tí wọ́n fi háráfì àjèjì kọ. Ṣé ká fún ẹni tó máa túmọ̀ rẹ̀?*

Trewin gbé ọwọ́ lé fáìlì náà bí ẹni tó fẹ́ ṣí i. Kò ṣí i. Ó mọ̀ pé bí òun bá rí lẹ́tà náà, òun yóò gbọ́ ohùn bàbá náà nínú rẹ̀. Ní ti ojú ìwé méjì yẹn, àdúrà ló pè é. Àwọn ará Sendari a máa fi àdúrà há ẹ̀yìn ìwé ẹ̀bẹ̀, bí wọ́n tilẹ̀ ń tọrọ ìṣó. Kò sì ronú kan ìwé ńlá mọ́ṣáláṣí. Lójú tirẹ̀, abẹ́ katakata nìwé yẹn parí sí. Ó kọ ọ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ ìwé: *Kò pọn dandan láti túmọ̀. Ẹ wá inú yàrá fáìlì bóyá àkọsílẹ̀ ìlérí kankan wà.* L.T.

Akọ̀wé rẹ̀, Mísì Peck, tó ti bá a ṣiṣẹ́ fún ọdún méjìlá, wá gbé fáìlì náà. Ó yẹ̀ ẹ́ wò díẹ̀.

"Ọ̀gá, ìwé méjì tó wà lẹ́yìn yìí, ẹ̀yin fúnra yín mọ èdè yìí kà. Ó wà nínú ìwé iṣẹ́ yín."

"Audrey, ṣé èmi ni kí n máa ka ẹ̀yìn fáìlì?"

"Mi ò sọ bẹ́ẹ̀, ọ̀gá."

"Ó dáa nígbà yẹn."

Mísì Peck gbé e jáde. Níwọ̀n bí wọn kò ti túmọ̀ ojú ìwé méjì náà, òfin yàrá fáìlì ni pé wọn kò lè wọ fáìlì. Ó yọ wọ́n, ó yọ lẹ́tà tí wọ́n so mọ́ wọn, ó kó wọn sínú dúrọ́ọ̀ rẹ̀.

Ní alẹ́ ọjọ́ náà, bí wọ́n ṣe ń jẹ ẹran àgùntàn àti ẹ̀wà tútù, ó mẹ́nu bà á fún Nola. Kò mọ ìdí tó fi mẹ́nu bà á.

"Senawi wo?" ni Nola bi í. "Ṣé ẹni tó gbé ẹ pọ̀n nígbà tí ẹja gún ẹ?"

"Òun ni."

"Kí ló wá ṣòro? Fi bàbá náà sínú ọkọ̀."

"Kò rọrùn bẹ́ẹ̀."

"Ọkọ̀ tó máa lọ lọ́nàkọnà? Àyè kan?"

"Nola, kò sí nínú fáìlì."

Nola gbé fọ́ọ̀kì rẹ̀ sílẹ̀. "Lindsay, ẹsẹ̀ ẹ tó ń dùn ẹ́ ní gbogbo ìgbà òtútù yẹn, ṣé ó wà nínú fáìlì?"

Ohun tí kò lè sọ fún ìyàwó rẹ̀ ni pé wọ́n ti fi orúkọ òun ránṣẹ́ fún àmì ẹ̀yẹ Ọbabìnrin Gẹ̀ẹ́sì, pé oṣù kẹfà ni wọ́n máa kéde rẹ̀. Ó lè gbé ìwé kan, kó kọ ìlà mẹ́ta péré: èmi ni mo ṣèlérí, òótọ́ ni bàbá yìí sọ, ẹ fún un láyè. Kò sí ẹni tí kò ní gbà á gbọ́. Ṣùgbọ́n mínísítà yóò béèrè ìdí tí ìròyìn 1959 fi sọ nǹkan mìíràn, ẹnì kan yóò sì béèrè ẹni tó fa ìlà pupa. Ìlà mẹ́ta ni ọkùnrin náà ń sá fún. Ikún ń jọ̀gẹ̀dẹ̀, ikún ń rédìí, kò mọ̀ pé ohun tó dùn ní í pa ni.

Ní òpin oṣù karùn-ún, yàrá fáìlì fèsì: àwọn ti wá a, kò sí àkọsílẹ̀ ìlérí kankan. Mo fẹ́ kí ẹ mọ̀ pé ara tu Trewin nígbà tó kà á. Òun tó mọ̀ pé òótọ́ ni, òun tó fi ọwọ́ ara rẹ̀ pa á rẹ́, ara tù ú. Ó mú gègé rẹ̀. Kò kọ "bẹ́ẹ̀ kọ́" sí i. Wọn kì í kọ "bẹ́ẹ̀ kọ́" nílé iṣẹ́ yẹn, ìwà àìmọ̀wàáhù ni lójú wọn. Ohun tó kọ ni ohun tí wọ́n máa ń kọ: *Ẹ tún gbé e wá lẹ́yìn oṣù mẹ́ta.*

Oṣù mẹ́ta sí òpin oṣù karùn-ún, òpin oṣù kẹjọ ni. Ọjọ́ kẹrìnlá oṣù kẹjọ ni ọkọ̀ yóò gbéra ní èbúté Fremantle. Kò sí ẹni tó mọ ọjọ́ náà bíi Trewin, òun ló bu ọwọ́ lu ìwé ìrìn àjò ọkọ̀ náà.

Wọ́n kéde àmì ẹ̀yẹ náà ní oṣù kẹfà. Àwọn èèyàn bọ̀ ọ́ lọ́wọ́ ní ọ̀dẹ̀dẹ̀. Ọkọ̀ gbéra ní oṣù kẹjọ, ó kó símẹ́ǹtì, ó kó ìrẹsì, ó kó fíríìjì kan fún àwọn òṣìṣẹ́ tó ń wo ojú ọjọ́ ní Sendari. Ìwé àwọn èrò dé orí tábìlì rẹ̀: àyè mẹ́fà, èrò mẹ́rin. Ó bu ọwọ́ lù ú. Nígbà tí fáìlì Senawi padà wá, ó kọ ọ́ pé ọkọ̀ ti lọ, kí wọ́n tún gbé e wá ní oṣù kìíní. Ní oṣù kìíní, ojú ìwé àkọ́kọ́ kò gùn. *Ẹni tó béèrè ti kú ní oṣù kẹwàá. Ẹ jọ̀wọ́, ká tọ́jú fáìlì.* L.T., ló kọ sí i, ó gbé èyí tó kàn.

Ọjọ́ tó fẹ̀yìn tì ní oṣù kẹta ọdún 1976, wọ́n kó páì kéékèèké àti bíà sí yàrá tíì. Wọ́n fún un ní ẹ̀rọ ìgékoríko. Igbákejì rẹ̀ sọ ọ̀rọ̀ ìdágbére, ó ní gbogbo wọn ló mọ ohun tí ọ̀gá máa ń wí, gbogbo yàrá sì jùmọ̀ hó o: "Ohun tí kò bá sí nínú fáìlì, kò ṣẹlẹ̀!" Wọ́n rẹ́rìn-ín. Òun náà rẹ́rìn-ín.

Ó padà sí ọ́fíìsì láti mú kóòtù rẹ̀. Mísì Peck dúró síbẹ̀, ó mú ìwé mélòó kan tí wọ́n fi okùn so pọ̀ lọ́wọ́.

"Ọ̀gá, ẹ má bínú. Mi ò mọ ibi tí màá kó èyí sí. Kò lè wọ fáìlì, torí ẹ ní ká má túmọ̀ ẹ̀. Mi ò sì lè jù ú nù. Mo ní bóyá kẹ́ ẹ mú un lọ."

Trewin jókòó. Lẹ́tà ló kọ́kọ́ kà. Ọmọ ilé ìwé kan ló bá ìyá rẹ̀ kọ ọ́, lẹ́tà gbàǹgbà gbàǹgbà.

*Ọ̀gá Trewin, èmi ni Rubiah ọmọ Senawi. Ẹ ó rántí mi, èmi ni mo ń gbé omi gbígbóná wá fún ẹsẹ̀ yín. Bàbá ní kí n sọ fún yín pé àsìkò tí ẹ wí ti tó. Ó ní òun mọ ojú ẹni tó máa kú, tòun ti jọ ọ́ báyìí. Àyè kan ló ń fẹ́. Kò ní jẹ ju àwo ìrẹsì kan lọ lóòjọ́. Àwọn ọkùnrin wa márùn-ún ń ṣiṣẹ́ ní pápákọ̀ bàlúù Sendari, wọn á wà á lọ sí Ujung. Ó ní bóyá ẹ ò ní ìwé lọ́wọ́ mọ́, kí n da ti mọ́ṣáláṣí kọ ránṣẹ́ sí yín. Ó ní kí ẹ má fòyà, kò sọnù, òun ló gbé e sáyà wọnú ọkọ̀ lọ́jọ́ tá a kúrò.*

Ó ṣí ojú ìwé méjì tó kù. Ó ti pẹ́ tó ti ka háráfì yẹn, ó ń fi ìka tọ̀ ọ́ bí ọmọ kéú. Ọ̀rọ̀ ẹnu rẹ̀ ló wà níbẹ̀, gbogbo rẹ̀, orúkọ ìyá rẹ̀ wà níbẹ̀. Àkọsílẹ̀ tó ní kí wọ́n wá nínú gbogbo yàrá fáìlì, abẹ́ ọwọ́ rẹ̀ ló wà lọ́jọ́ tó ní kí wọ́n lọ wá a. Bí irọ́ bá lọ fún ogún ọdún, ọjọ́ kan ṣoṣo ni òtítọ́ yóò bá a. Mísì Peck jáde, ó sì rọra ti ilẹ̀kùn.

Ní oṣù kẹrin ó wọ ọkọ̀ ojú irin lọ sí Perth, ó wọ bọ́ọ̀sì lọ sí Korrabin. Kò sí òkun níbẹ̀. Oko àlìkámà ni, àgùntàn ni, eruku ni. Ilé ìpẹran ni àwọn ará Sendari ti ń ṣiṣẹ́. Rubiah ti di obìnrin tó lé lógójì ọdún, ó wọ bàtà rọ́bà funfun tí wọ́n ń wọ̀ níbi iṣẹ́. Nígbà tó rí ẹni tó wà lẹ́nu ọ̀nà, kò ké, kò sì rẹ́rìn-ín.

"Ẹ wọlé, ọ̀gá. Ẹ bọ́ bàtà."

Ó bọ́ ọ. Rubiah wo ẹsẹ̀ ọ̀tún rẹ̀, ojú àpá náà, ó sì gbé ojú kúrò. Ó po tíì, ó gbé e wá pẹ̀lú bisikíìtì, nítorí àlejò ni àlejò ń jẹ́. Trewin fẹ́ sọ ohun tó ti ń tò lẹ́nu láti Canberra.

"Mi ò rí lẹ́tà ẹ," ló bá ara rẹ̀ tó ń wí.

"Kò dé ọ̀dọ̀ yín?"

"Ó dé."

Rubiah dúró pé kó sọ ìyókù. Trewin gbé ife tíì sẹ́nu. Obìnrin náà mi orí díẹ̀díẹ̀.

"Bàbá ti di ẹrù ẹ̀. Ẹrù kékeré ni, ṣẹ́ẹ̀tì méjì. Oṣù kẹfà ló ti dì í. Lójoojúmọ́ ló ń jókòó sí ẹnu ọ̀nà tẹ́ ẹ gbà wọlé yẹn. Àwọn ọmọ mi á ní, 'Nek, wọn ò ní wá o.' Á ní, 'Ẹ ò mọ ọmọkùnrin yẹn. Èmi ni mo pọ̀n ọ́n.' Nígbà tí ọjọ́ ọkọ̀ kọjá, ó ní bóyá ara yín ni kò yá. Ó ń ṣàdúrà fún yín."

"Rubiah, jọ̀wọ́."

"Mi ò bú yín, ọ̀gá. Mò ń sọ bó ṣe rí ni. Ẹ̀yin ni ẹ wá béèrè."

Ó dìde, ó wọ yàrá, ó sì gbé ìwé ńlá mọ́ṣáláṣí jáde, aṣọ ni wọ́n fi wé e. Ó ṣí i sójú ewé náà, ó tì í síwájú rẹ̀. Orúkọ rẹ̀ wà nísàlẹ̀, háráfì gbọ̀ọ̀rọ̀ gbọ̀ọ̀rọ̀ ti ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń kọ́ ọ, láìsí àṣìṣe kankan. Abẹ́ rẹ̀, ìmáàmù ti kọ orúkọ àwọn àgbà tó ti ránṣẹ́ pé ọjọ́ àwọn ti kù sí dẹ̀dẹ̀. Mọ́kànlá ni wọ́n. Senawi ló kẹ́yìn.

"Mọ́kànlá?" Trewin ń fi ìka kà wọ́n. "Ọ̀kan ṣoṣo ni mo rí."

"Àwọn mẹ́wàá àkọ́kọ́, wọ́n ní ká kọ̀wé sí ọ́fíìsì tó wà ní Perth. Wọ́n ní kò sí nínú fáìlì. Bàbá ló ní ká kọ ọ́ sí yín tààrà."

Níta, ọkọ̀ àgùntàn kan ń kọjá lọ sí ilé ìpẹran, eruku rẹ̀ wọlé dé orí tábìlì, Rubiah sì fi àkísà nù ún.

"Níbo ni wọ́n sin ín sí?" ni Trewin bi í.

"Ẹ̀yìn ìlú, lẹ́bàá ojú irin. Ìjọba ìlú fún wa ní igun kan. A kọjú ẹ̀ sí Mẹ́kà. Wọ́n ní téèyàn bá kọjú síbẹ̀ láti ibí, Sendari wà lójú ọ̀nà." Ó dá ìwé náà padà sínú aṣọ, ó wé e. "Ẹ̀yin ńkọ́, ọ̀gá? Níbo ni wọ́n máa sin yín sí?"

Ìbéèrè náà bá a lójijì. "Burra," ló wí. "Ní Gúúsù Ọsirélíà. Ìlú àwọn bàbá mi. Àyè wà fún mi lẹ́gbẹ̀ẹ́ bàbá mi."

"Ta ló máa gbé yín débẹ̀?"

"Àwọn ọmọ mi."

"Wọ́n ti ṣèlérí?"

"Wọ́n ti ṣèlérí."

Rubiah gbé kẹ́tùlù, ó tún tíì mìíràn bù fún un, ó rọra bù ú kó má dà sílẹ̀.

"Ẹ jẹ́ kí wọ́n kọ ọ́ sílẹ̀," ló wí.